Iṣu Kan, Èbù Púpọ̀: Ìwé Ìtọ́sọ́nà fún Àgbẹ̀ àti Onílé

Nínú iṣu mẹ́ta tí àgbẹ̀ bá wà, ọ̀kan fẹ́rẹ̀ẹ́ máa padà sínú ebè bí èbù. Owó ńlá nìyẹn. Ìdí nìyẹn tí ọ̀pọ̀ fi ń ta èyí tó dára, tí wọ́n á sì gbin èyí tí ọjà kọ̀. Ibẹ̀ gan-an ni oko ti ń bàjẹ́.

A kì í gbin iṣu bí àgbàdo. Ara ìyá la máa ń gé sílẹ̀, ohun tó bá sì wà lára ìyá ni ọmọ á gbé jáde: adùn rẹ̀, ìrísí rẹ̀, àti àìsàn rẹ̀. Iṣu kò ní ojú tó ti wà nílẹ̀ bíi ti pòtétò. Abẹ́ èèpo ni ojú tuntun ti ń là. Nítorí náà, ègé yòówù tó bá ní èèpo lára lè di odidi iṣu. Èyí tí kò bá ní, jíjẹrà ló máa jẹrà.

Orí èyí ni NRCRI, ilé ìwádìí ìjọba lórí iṣu àti ẹ̀gẹ́ ní Umudike, àti IITA, ilé ìwádìí ọ̀gbìn àgbáyé n'Ìbàdàn, gbé ọ̀nà gígé kékeré kà, ìyẹn gígé iṣu kan sí ègé wẹ́wẹ́ láti fi rí èbù púpọ̀, tí wọ́n sì ti fi ń kọ́ àgbẹ̀ láti bí ogójì ọdún sẹ́yìn.

Ẹ yan ìyá nígbà tí ewé ṣì tutù

Ẹ má dúró dìgbà tí iṣu bá wọ àká. Ẹ rìn yí oko ká nígbà tí ìtakùn bá ti gbilẹ̀, kí ẹ so aṣọ pupa mọ́ ìdí èyí tí ewé rẹ̀ dúdú mìnìjọ̀. Ewé tó bá ní àbàwọ́n ìyeyè, tó sún kì, tó lọ́, àìsàn ló wà lára rẹ̀. Kòkòrò kéékèèké tó ń fa omi ewé ló ń gbé e kiri, èbù sì ń gbé e láti ọdún dé ọdún.

Nígbà tí ẹ bá fẹ́ gé e, ẹ fi ọ̀bẹ ha èèpo díẹ̀. Tí abẹ́ rẹ̀ bá ní àwọ̀ ìyeyè tàbí tó dúdú, tí ara iṣu sì ti sán, aràn tí ojú kò lè rí ti wà níbẹ̀. Ẹ sè é jẹ. Kò gbọdọ̀ padà sílẹ̀.

Gígé

Iṣu tó ti fẹ́ máa hù, tó wọ̀n tó ìdajì kílò sí kílò kan, ló dára jù. Ẹ gé e ní ìbú, kí ẹ wá la ègé kọ̀ọ̀kan kí ó tó páálí ìṣáná, ìyẹn gíráàmù 25 sí 50, kí èèpo sì wà lára gbogbo wọn. Ẹ kó ti orí, ti àárín àti ti ìdí sọ́tọ̀ọ̀tọ̀: ti orí ló ń kọ́kọ́ hù, ti ìdí ló ń pẹ́ jù. Tí ẹ bá dà wọ́n pọ̀, oko kò ní hù dọ́gba. Ẹ fi eérú yí ojú ibi tí ẹ gé, kí ẹ tẹ́ wọn síbi ibòji fún ọjọ́ kan tàbí méjì kí ó gbẹ. Oòrùn kò gbọdọ̀ pa wọ́n.

Lẹ́yìn náà, ẹ rì wọ́n sínú lẹ́búlẹ́bú pákó láti ilé ìlagi, tí ẹ ti bu omi rin. Kó tutù, kó má rin gbindin. Láàárín ọ̀sẹ̀ mẹ́ta sí mẹ́rin, púpọ̀ nínú wọn á ti hù. Ewùrà máa ń dáhùn kíákíá ju iṣu funfun lọ. Ẹ má bínú sí funfun, ẹ fún un lákòókò.

Nígbà tí òjò bá ti dúró dáadáa, ẹ lọ́ wọn sórí ebè gígùn. Kí ebè jìnnà sí ara wọn ní mítà kan, kí èbù sì jìnnà síra ní sẹ̀ǹtímítà 25. Hẹ́kítà kan á gba 40,000. Ẹ fi koríko gbígbẹ bò ó.

Fún onílé

Ẹ̀yin tí kò ní oko, ẹ má ju orí iṣu nù nígbà tí ẹ bá ń bẹ iṣu. Ẹ gé e nípọn díẹ̀, ẹ fi eérú pa á, kí ẹ gbìn ín sínú àpò tó kún fún ilẹ̀ dúdú, kí ẹ sì ri igi tì í.

Ẹni tó bá lo oògùn kòkòrò dípò eérú, kó fọwọ́ pamọ́ sínú ìbọ̀wọ́. Ègé tó bá ṣẹ́kù kì í ṣe ohun jíjẹ mọ́, ewúrẹ́ pàápàá kò gbọdọ̀ jẹ ẹ́. Ẹ rì í mọ́lẹ̀ jìnnà sí kànga.