Ohùn £60 tó fẹ́ ba orin mi jẹ́

Mo fẹ́ fi ohùn akọrin inú orin house (irú orin ijó kan) àtijọ́ kan sínú orin tí mo ń ṣe. £60 ni mo san fún ẹni tó sọ pé ohùn akọrin nìkan lòun ń tà fún mi, pé inú téèpù ìpilẹ̀ṣẹ̀ lòun ti yọ ọ́. Mo fetí sí i dáadáa: ìlù ṣì ń ṣe "sí-sí-sí" lábẹ́ ohùn obìnrin náà. Kọ̀ǹpútà ló fi gé e lára orin. Inú ṣì ń bí mi.

Èyí tó dùn mí jù ni pé ohùn náà wà lẹ́yìn, ìyẹn ojú kejì, àwo íńṣì 12 orin yẹn gan-an, láìsí ìlù kankan. Bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ṣe ọ̀pọ̀ àwo house àtijọ́. £14 ni mo rà á lọ́wọ́ ẹni tó ń ta àwo àlòkù ní London níbí.

Gbígbà á sínú kọ̀ǹpútà kò le. Ìyára rẹ̀ ni mo fojú rí màbo. Ìlù 120 ló ń lù ní ìṣẹ́jú kan. 126 ni mo fẹ́. Mo ní kí kọ̀ǹpútà mú un yára láìyí ohùn padà, obìnrin náà wá ń dún bí ẹni tó ń kọrin nínú omi. Ó tún ń yẹ̀: a jọ bẹ̀rẹ̀, nígbà tó fi máa di ẹsẹ kejì, ó ti ṣáájú ìlù mi. Téèpù ayé ìgbà yẹn àti ẹ̀rọ tó ń yí àwo kì í dúró sójú kan bíi kọ̀ǹpútà. Odindi òru mẹ́ta!

Mo dá àwo padà sórí Technics SL-1200, ẹ̀rọ tí mo fi ń yí àwo, mo ti ìyára rẹ̀ sókè ní 5 nínú ọgọ́rùn-ún. Ohùn mọ́ kedere, àmọ́ ó gòkè, ó bọ́ sáàárín kọ́kọ́rọ́ dùùrù méjì. Mi ò fipá fà á. Béèsì àti dùùrù mi ni mo yí kí wọ́n bá a mu, mo wá ń fi ọwọ́ sàmì sí i ní gbogbo ìlù 32. Nígbà tí Frankie Knuckles, DJ kan, ń ṣeré láti 1977 ní Warehouse, ilé ijó ní Chicago tí house ti gba orúkọ, téèpù ló ń gé tó ń lẹ̀ kí orin lè pẹ́ sí i. Etí ló ń bá iṣẹ́ yìí ṣe, ó sì dùn mọ́ mi pé tèmi náà ṣe é.

Ẹ yẹ ẹ̀yìn àwo wò kí ẹ tó sanwó fún ẹnikẹ́ni. Mi ò tíì gbé tèmi jáde o: ẹni tó ni orin àti ẹni tó ni ohun tí wọ́n gbà sílẹ̀ ló gbọ́dọ̀ fọwọ́ sí i, wọn kì í sábà jẹ́ ẹnì kan náà.

Àmọ́ mo lù ú níbi ijó kan ní Peckham, ní London níbí, lálẹ́ Sátidé. Mo yọ ìlù kúrò, ó ku ohùn obìnrin náà nìkan, kò sì sí "sí-sí-sí" kankan lábẹ́ rẹ̀.