Gílísárìn: àṣìṣe tó ń jẹ owó lápò wa l'Abẹ́òkúta

Obìnrin kan tó ń ṣe ìpara ní Ọbáńtokò gbé kẹ́ẹ̀gì kan wá bá mi ní ṣọ́ọ̀bù, inú ń bí i. Ó ní wọ́n ti lu òun ní jìbìtì. Kílò 25 gílísárìn, ìyẹn omi kíki tí wọ́n fi ń po ìpara àti ọṣẹ, lòun ra, kẹ́ẹ̀gì lítà 25 sì ni wọ́n rọ ọ́ sí, àmọ́ kẹ́ẹ̀gì ò kún. A gbé e sórí òṣùwọ̀n, a yọ ìwúwo kẹ́ẹ̀gì kúrò, ó pé kílò 25 géérégé. Kò sẹ́ni tó lù ú ní jìbìtì rárá. Àmọ́ nígbà tó sọ iye tó rà á fún mi, tó tún sọ iye tí ẹlòmíì ti kọ́kọ́ dá lé kẹ́ẹ̀gì tó kún fọ́fọ́ tí òun kò sì gbà, mo rí i pé ó ti sanwó jù. Ó sá fún ọjà tó dínwó, ó lọ ra èyí tó wọ́n.

Ibẹ̀ ni mo ti fẹ́ bẹ̀rẹ̀, torí pé nínú òwò gílísárìn, iye tí wọ́n dárúkọ kì í sábà jẹ́ iye tí èèyàn rà á ní tòótọ́.

Ẹ má fi lítà ra ohun tí wọ́n ń fi kílò tà

Omi ló bà wá jẹ́. Lítà omi kan, kílò kan ni, a wá rò pé gbogbo ohun tó bá ti ń ṣàn ló rí bẹ́ẹ̀. Gílísárìn wúwo ju omi lọ, lítà rẹ̀ kan tó kílò kan àti gíráàmù 260. Dúrọ́ọ̀mù tó ń ti òkè òkun wọlé, kílò 250 ló máa ń wà nínú rẹ̀, kò sì pé lítà 200. Kẹ́ẹ̀gì lítà 25 tó bá kún dé ẹnu, kílò 31 ààbọ̀ ló wà níbẹ̀. Bó bá jẹ́ kílò 25 ni wọ́n wọ̀n sínú rẹ̀, kò ní pé lítà 20.

Ẹ jẹ́ ká fi owó wò ó. Ká ní ẹnì kan pe kẹ́ẹ̀gì tó kún ní 60,000 náírà, ẹnì kejì sì pe kílò 25 ní 52,000. Ojú á sáré lọ sí 52,000. Ẹ pín in wò: ti àkọ́kọ́ kò ju 1,905 náírà lọ lórí kílò kan, ti èkejì jẹ́ 2,080. Ẹni tó bá ra kẹ́ẹ̀gì mẹ́wàá lọ́dún lọ́nà yẹn ti sọ owó gidi nù láìmọ̀. Lọ́jà kẹ́míkà Ọjọ́tá l'Ékòó, níbi tí púpọ̀ nínú wa ti ń kó ọjà, àwọn kan ń wọ̀n ọ́n, àwọn kan ń rọ ọ́, kò sì sí ẹ̀ṣẹ̀ nínú méjèèjì. Ẹ kàn kọ́kọ́ béèrè pé "kílò mélòó ni?" kẹ́ ẹ tó béèrè pé "èló ni?"

Òṣùwọ̀n yìí náà ló máa tú àṣírí ẹni tó bu omi sí i. Ẹ mú ìgò omi tó ti ṣófo, ẹ gbé e sórí síkéèlì, ẹ rọ omi sí i títí tó fi di gíráàmù 500 láìka ìgò, kẹ́ ẹ fi máákà fa ìlà síbi tí omi dé. Ẹ da omi yẹn nù, ẹ jẹ́ kí ìgò gbẹ dáadáa, kẹ́ ẹ wá rọ gílísárìn dé ojú ìlà náà. Ó yẹ kó wọ̀n bíi 625 sí 630. Tó bá jẹ́ 600, ó ju ìdá kan nínú márùn-ún tó jẹ́ omi, owó gílísárìn lẹ sì san lórí rẹ̀. Tó bá wá kọjá 640, ẹ tún fura, torí pé omi ṣúgà wúwo jù ú lọ, ó sì ń fà bákan náà. Ọ̀pọ̀ èèyàn ṣì ń fi ìka méjì fà á wò lọ́jà, tí wọ́n á ní "ó ki, ojúlówó ni." Kíki yẹn ò fi nǹkan kan hàn.

Dọ́là nìkan kọ́ ló ń tì í

Ẹ béèrè lọ́wọ́ oníkẹ́míkà ìdí tí ọjà fi wọ́n, "dọ́là ni" ló máa kọ́kọ́ jáde lẹ́nu rẹ̀. Irọ́ kọ́. Ní oṣù kẹfà 2023 tí Báńkì Àpapọ̀ Nàìjíríà jọ̀wọ́ náírà sílẹ̀ fún ọjà, dọ́là tó wà ní nǹkan bíi 460 lọ́dọ̀ ìjọba kọjá 700 láàárín ọjọ́ díẹ̀. Nígbà tó fi máa di oṣù kejì 2024, ó ti kọjá 1,500. Gbogbo wa la jẹ nínú ìyà rẹ̀, títí dé àwọn aláàdìrẹ Ìtòkú tó ń ra kọ́sítíìkì. Àmọ́ ẹni tó bá dijú mọ́ dọ́là nìkan, ẹnu á yà á lọ́jọ́ tí dọ́là bá dúró sójú kan tí gílísárìn sì ń gòkè.

Inú òróró àti ọ̀rá ni gílísárìn ń gbé. Àwọn tó ń fi epo ọ̀pẹ ṣe dísẹ́ẹ̀lì ní Indonéṣíà àti Màlésíà ni púpọ̀ nínú rẹ̀ ti ń jáde. Bí wọ́n bá ṣe tọ́ọ̀nù dísẹ́ẹ̀lì mẹ́wàá, bíi tọ́ọ̀nù gílísárìn kan á bá a jáde. Bí èèrí ṣe jẹ́ sí ògì ni. Ẹni tó ń sẹ́ ògì kò ro ti ẹlẹ́ran tó fẹ́ ra èèrí. Bó bá sẹ́ ògì púpọ̀, èèrí á pọ̀, á dínwó. Bí àwọn tó ń mu ògì bá dínkù, ẹlẹ́ran á wá èèrí tì. Indonéṣíà ti ní kí dísẹ́ẹ̀lì wọn ní ìdá 35 nínú ọgọ́rùn-ún tó ti ara ọ̀pẹ wá ní 2023, wọ́n sì gbé e dé 40 ní 2025. Èèrí ń jáde nìyẹn. Ṣùgbọ́n àwọn ilé iṣẹ́ Ṣáínà wà lẹ́nu ọ̀nà tí wọ́n ń rà á lọ́pọ̀ yanturu láti fi ṣe kẹ́míkà tó ń wọ inú ọ̀dà líle. Ọjọ́ tí wọ́n bá rà jù, àwa náà á mọ̀ ọ́n lára.

Mo mọ ọkùnrin kan tó máa ń lọ wo iye epo pupa ní Lafẹ́nwá kó tó pinnu bóyá kóun ra gílísárìn. Ọlọ́gbọ́n ni lójú ara rẹ̀. Epo Lafẹ́nwá máa ń dínwó nígbà tí ẹyìn bá pọ̀ lóko, ó sì máa ń wọ́n nígbà tí ẹyìn ò bá pọ̀, kò sì sí ohun tó kan ará Màlésíà nínú gbogbo ìyẹn. Kódà gílísárìn tó wà nínú epo tiwa kì í jáde sọ́jà. Inú ọṣẹ dúdú ló ń dúró sí, ìdí kan nìyẹn tí ọṣẹ dúdú kì í fi gbẹ awọ ara bíi ti àwọn ọṣẹ tí wọ́n ti yọ ọ́ kúrò nínú wọn.

Ìbẹ̀rù ọjà tó fẹ́ tán

Èmi fúnra mi ló ṣe èyí. Ní 2020, gbogbo ayé ń ṣe ohun tí wọ́n fi ń pa kòkòrò lọ́wọ́. Nínú ìlànà tí Àjọ Ìlera Àgbáyé gbé jáde, lítà mẹ́wàá ò gbà ju mìlílítà 145 gílísárìn lọ. Ó kéré, àmọ́ gbogbo ayé ló ń pò ó lẹ́ẹ̀kan náà, ọjà sì gbóná. Mi ò ní ọjà nílẹ̀ nígbà yẹn. Mo wo àwọn tó ní, mo sì búra pé irú ẹ̀ ò ní ṣẹlẹ̀ sí mi mọ́.

Nígbà tó wá di ọjọ́ 28 oṣù kẹrin 2022, Indonéṣíà ní kí wọ́n má kó epo ọ̀pẹ jáde nílùú àwọn mọ́. Fọ́nrán ohùn ń fò lórí WhatsApp: "Ẹ tètè rà, kò ní sí mọ́." Mo yáwó ní kọ́pẹ́, ẹgbẹ́ aláfọwọ́sowọ́pọ̀ wa, mo ra dúrọ́ọ̀mù mẹ́ta níye tó ga jù lọ tí mo tíì fi rà á rí. Ọjọ́ 23 oṣù karùn-ún ni wọ́n ṣí i padà. Kò pé oṣù kan! Epo ọ̀pẹ já wálẹ̀ lọ́jà àgbáyé, àwọn tí kò sáré bíi tèmi wá rà á ní owó pọ́ọ́kú, wọ́n sì ń tà á lójú mi. Èlé kọ́pẹ́ ò já wálẹ̀ ní tiẹ̀. Ọdún fẹ́rẹ̀ẹ́ parí kí n tó ta dúrọ́ọ̀mù kẹta.

Ohun tí mò ń ṣe báyìí ni pé mi ò ra ju èyí tí mo lè tà láàárín oṣù méjì lọ, ìròyìn yòówù kó máa jà.

Àṣìṣe kejì rẹ̀ ni ká máa fi iye àná ta ọjà. Lọ́dún 2023 tí náírà ń já, ẹni tó fi èrè díẹ̀ lé iye tó rà á rí èrè nínú ìwé, àmọ́ nígbà tó padà dé Ọjọ́tá, owó tó pa lórí kẹ́ẹ̀gì mẹ́rin ò ra mẹ́ta. Iye tẹ́ ẹ máa fi rà á padà ni kẹ́ ẹ fi ṣírò.

"Ẹ jẹ́ ká dáwó jọ, ká gbé e wọlé fúnra wa"

Gbogbo ọdún lẹnì kan máa ń mú ọ̀rọ̀ yìí wá. Kòńténà ẹsẹ̀ bàtà 20 máa ń gba dúrọ́ọ̀mù 80, tọ́ọ̀nù 20 nìyẹn. Wọ́n á ṣírò owó ọjà àti owó ọkọ̀ ojú omi, wọ́n á pín in sí 80, ẹnu á yà wọ́n bó ṣe dínwó tó. Àwa márùn-ún ti dá irú ẹ̀ rí.

Ohun tí a ò ṣírò ló pọ̀ ju èyí tí a ṣírò lọ. Ó kù owó orí aṣọ́bodè, ìdá 7.5 nínú ọgọ́rùn-ún ti VAT, ìdá 0.5 nínú ọgọ́rùn-ún ti ECOWAS, ìwé àṣẹ NAFDAC, owó èbúté, owó aṣojú, tírélà láti Àpápá gba Sàngó àti Ìfọ̀ wá sílé, àti àwọn alábàárù tí wọn kì í dá iye lé e títí dúrọ́ọ̀mù fi dé ilẹ̀. Bí ìwé kan bá ní àléébù, kòńténà á máa jókòó, owó ìdádúró á sì máa gùn lójoojúmọ́. Ẹ rí i pé nọ́ńbà ọjà tó wà lórí Form M, ìwé tí èèyàn ń ṣí ní báńkì kó tó kó ọjà wọlé, ni ti ohun tẹ́ ẹ rà gan-an. 2905.45 ni ti gílísárìn tí wọ́n ti fọ̀ mọ́, 1520 sì ni ti èyí tí wọn ò tíì fọ̀. Aṣojú wa ṣi ọ̀kan lò fún èkejì, ọ̀sẹ̀ méjì la fi ṣàlàyé.

Dọ́là tí aṣọ́bodè ń lò fún ìṣirò tún wà níbẹ̀. Ní ìbẹ̀rẹ̀ oṣù kejì 2024, ó fò láti nǹkan bíi 952 náírà sí 1,356, ó sì tún ń yí padà lẹ́yìn ìyẹn. Ẹni tí ẹrù rẹ̀ wà lójú omi ò mọ iye tó máa san. Ní ọjọ́ 23 oṣù yẹn ni Báńkì Àpapọ̀ ní kí wọ́n máa lo iye ọjọ́ tí èèyàn ṣí Form M. Ìyẹn tù wá lára, ṣùgbọ́n ó túmọ̀ sí pé ọjọ́ tẹ́ ẹ bá ṣí Form M ti di ara iye ọjà yín, kì í ṣe ọjọ́ tí ọkọ̀ gúnlẹ̀.

Èyí tí kì í ṣe ọ̀rọ̀ owó mọ́

Mi ò ní yí ohùn padà lórí èyí: ẹ má ra gílísárìn tí kò ní ìwé àyẹ̀wò fún ohunkóhun tó máa wọ ẹnu èèyàn. Kẹ́míkà kan wà tí wọ́n ń pè ní diethylene glycol. Kò láwọ̀, ó ń fà, ó dùn díẹ̀ lẹ́nu, owó rẹ̀ sì kéré ju ti gílísárìn lọ. Kíndìnrín ló ń bà jẹ́. Ní ìparí 2008 sí 2009, òun ló wọ inú oògùn eyín ọmọdé tí wọ́n ń pè ní My Pikin, ọmọ 84 ló kú ní Nàìjíríà. Gílísárìn kọ́ ni wọ́n ní àwọn rà nígbà yẹn, propylene glycol, kẹ́míkà olómi míì tí wọ́n fi ń po oògùn, ni, lọ́wọ́ ẹni tí kò ní ìwé àṣẹ l'Ékòó. Ní Panama lọ́dún 2006, inú ohun tí wọ́n kọ gílísárìn sí lára ló wà. Ní Gáńbíà lọ́dún 2022, ọmọ tó ju 60 lọ ló kú.

Síkéèlì àti ìgò mi ò lè gbà yín níbí. Tí gbogbo rẹ̀ bá jẹ́ diethylene glycol, ìgò náà á wọ̀n bíi 560, ẹ ó mọ̀. Tó bá jẹ́ pé wọ́n pò ó díẹ̀ mọ́ gílísárìn, ilé àyẹ̀wò nìkan ló lè rí i. Ẹ béèrè ìwé àyẹ̀wò, kẹ́ ẹ sì fi nọ́ńbà ọjà (batch number) tó wà lórí rẹ̀ wé èyí tó wà lára dúrọ́ọ̀mù. Tí wọ́n bá ti rọ ọ́ sí kẹ́ẹ̀gì kó tó dé ọ̀dọ̀ yín, ìwé yẹn ò ṣẹ̀rí ohunkóhun mọ́. Ẹ fi ṣe ọṣẹ ìfọṣọ.

Mo fẹ́rẹ̀ẹ́ gbàgbé ọ̀rọ̀ ìdérí. Gílísárìn máa ń fa omi láti inú afẹ́fẹ́ bí iyọ̀ ṣe ń ṣe nígbà òjò. Lọ́dún tó kọjá, ọmọ tó ń bá mi ṣiṣẹ́ ń bu ọjà láti inú bọ́kẹ́ẹ̀tì ńlá kan tí kì í dé, ó ní ó ń yá òun lọ́wọ́ bẹ́ẹ̀. Ìgò tó wọ̀n 628 nígbà tí a ṣí dúrọ́ọ̀mù di 611 ní ìparí oṣù kẹsàn-án. Mo ti ń wá ẹni tí mo máa bínú sí l'Ọ́jọ́tá kí n tó wo bọ́kẹ́ẹ̀tì yẹn. Oníbàárà kan láti Sápọ́n ti ra lítà mẹ́wàá nínú rẹ̀ láàárọ̀. Mo pè é, mo ní kó gbé e padà wá, kó sì má tíì pò ó.