Bí Mo Ṣe Wádìí Ìṣesí Àwọn Àlejò ní Freedom Park

Iṣẹ́ tí mo ń ṣe ní yunifásítì dá lórí ohun tí ń mú kí ènìyàn fi owó àti àkókò rẹ̀ lọ wo ibi tí ìyà tàbí ikú ti ṣẹlẹ̀ rí, èyí tí àwọn onímọ̀ méjì, Malcolm Foley àti John Lennon (kì í ṣe olórin Beatles), pè ní dark tourism lọ́dún 1996. Freedom Park tó wà ní Broad Street, ní Erékùṣù Èkó, ni mo yàn. Ọgbà ẹ̀wọ̀n tí ìjọba amúnisìn kọ́ ní 1882 ni ibẹ̀ tẹ́lẹ̀. Wọ́n wó o ní 1979, ó sì di ọgbà ìgbafẹ́ ní oṣù kẹwàá ọdún 2010.

Nígbà tí àwọn alábòójútó fún mi láṣẹ, n kò tíì bi ẹnikẹ́ni léèrè ohunkóhun. Mo wá ibi tí mo ti lè máa wo pèpéle eré, nítorí orí ilẹ̀ tí wọ́n ti ń yẹgi fún àwọn ẹlẹ́wọ̀n ni wọ́n kọ́ ọ sí, mo sì ń kọ ibi tí àlejò kọ̀ọ̀kan dúró sí àti ohun tó kà sílẹ̀. Ọ̀pọ̀ ọ̀dọ́ ń rẹ́rìn-ín, wọ́n ń ya fọ́tò lórí pèpéle náà. Àwọn kan lè pe èyí ní àìbọ̀wọ̀ fún òkú. N kò gbà bẹ́ẹ̀, nítorí ẹni tí a kò túfọ̀ fún kò lè ṣọ̀fọ̀. Mo rí ìyá àgbà kan tó fa ọmọ-ọmọ rẹ̀ lọ́wọ́, tó ní, “Ibí ni wọ́n ti Awólọ́wọ̀ mọ́ o.” Ọmọ náà dákẹ́, lẹ́yìn náà ni ó bẹ̀rẹ̀ sí í da ìbéèrè bo ìyá rẹ̀ àgbà, kò sì fẹ́ kúrò níbẹ̀ mọ́.

Ẹnu ọ̀nà ni mo ti bá àwọn tó gbà láti dá mi lóhùn sọ̀rọ̀. Ohun tó gbé wọn wá ni mo kọ́kọ́ béèrè, lẹ́yìn náà ohun tí wọ́n rí. Ọ̀rọ̀ ìyẹgi ni mo fi kádìí rẹ̀. Olùwádìí tó bá fi ikú ṣáájú ìbéèrè rẹ̀ yóò gbọ́ ìdáhùn tó wu òun fúnra rẹ̀, nítorí kò rọrùn fún ẹnikẹ́ni láti sọ lójú àjèjì pé fàájì ni òun bá wá síbi tí ènìyàn ti kú.

Mo ti gbèrò láti fi Òkè-Àfà ní Ìsọlọ̀ kún un, níbi tí ọ̀pọ̀ ènìyàn ti kú sínú kánààlì nígbà tí wọ́n ń sá fún bọ́ǹbù tó ń bú ní bárékè ológun Ìkẹjà, ní ọjọ́ 27 oṣù kìíní ọdún 2002. Mo yọ ọ́ kúrò. Òbí tó lọ síbẹ̀ láti rántí ọmọ rẹ̀ kì í ṣe àlejò ìgbafẹ́, bí mo bá sì kà á mọ́ wọn, mo ti ṣẹ̀ ẹ́. Ìwádìí ọ̀tọ̀ ni tirẹ̀, tí yóò gba ìbéèrè mìíràn, tí yóò sì gba kí ẹni tí àwọn ẹbí náà mọ̀ mú mi dé ọ̀dọ̀ wọn.