Fọ́ọ̀mù àlejò hòtẹ́ẹ̀lì n'Ílùú Ọba: ohun tí mo tún ṣe

Àṣìṣe fọ́ọ̀mù náà ni pé gbogbo àlejò ló ń bi ní nọ́ńbà pásípọ́ọ̀tù. Òfin 1972 lórí àkọsílẹ̀ àlejò kò sọ bẹ́ẹ̀.

Ẹni tó bá ti pé ọmọ ọdún 16, tó fẹ́ sùn mọ́jú, yóò kọ orúkọ rẹ̀ ní kíkún àti orílẹ̀-èdè rẹ̀. Ilé ìtura yóò kọ ọjọ́ tó dé. Ó parí síbẹ̀ fún ọmọ Ìlú Ọba, Ireland àti Kọ́mọ́nwẹ́ẹ̀tì. Ọmọ Nàìjíríà wà lára wọn o, ẹ má dá a dúró lẹ́nu kàńtà lásán.

Ọmọ orílẹ̀-èdè mìíràn, bí orílẹ̀-èdè Benin tàbí Brazil, ló máa fi nọ́ńbà pásípọ́ọ̀tù àti ibi tí wọ́n ti fún un kún un. Kó tó kúrò, yóò tún kọ ibi tó ń lọ, àti àdírẹ́sì ibẹ̀ bó bá mọ̀ ọ́n. Apá yìí ni wọ́n máa ń gbàgbé jù, nítorí náà mo gbé e sí ìsàlẹ̀ fọ́ọ̀mù, kí wọ́n kọ ọ́ nígbà tí wọ́n bá ń dá kọ́kọ́rọ́ padà.

Ìwé kan fún àlejò kan: ìwé ńlá tó ṣí sílẹ̀ ń tú àṣírí ẹlòmíì. Ó kéré tán, ẹ tọ́jú rẹ̀ fún oṣù 12. Ọlọ́pàá lè ní kí ẹ mú un wá.