Bí mo ṣe gba owó iṣẹ́ ilé ìwé tí ìjọba jẹ mí

Yàrá ìkẹ́kọ̀ọ́ mẹ́ta ni wọ́n gbé fún wa kọ́, ní abúlé kan lójú ọ̀nà Ìjù, nítòsí Àkúrẹ́. A kọ́ ọ tán, a kan páànù, a kùn ún lọ́dà, àwọn ọmọ wọlé. Owó ìkẹyìn ni kò jáde. Ìgbàkígbà tí mo bá dé ọ́fíìsì tó gbéṣẹ́ fún wa, ohun kan náà ni wọ́n ń sọ: “Ẹ fara balẹ̀, bàbá, fáìlì yín ti wà lókè.” Òkè ibo? Ẹni tó ta irin fún mi láwìn kò mọ òkè kankan.

Wọ́n ní ìpínlẹ̀ kò tíì kó ìpín tirẹ̀ sílẹ̀. Lóòótọ́, òfin UBE ti 2004, ìyẹn òfin ẹ̀kọ́ ìpìlẹ̀ fún gbogbo ọmọ, ní kí ìpínlẹ̀ dá owó tirẹ̀ kó tó gba èyí tí ìjọba àpapọ̀ fẹ́ fi kún un. Ṣùgbọ́n lọ́yà mi rẹ́rìn-ín. Ó ní ẹni tó bá mi bu ọwọ́ lùwé àdéhùn ló jẹ mí. Ibi tí yóò ti rówó kò sí nínú àdéhùn wa.

Kò fẹ́ gbọ́ ìtàn, ìwé ló béèrè: lẹ́tà tí wọ́n fi gbéṣẹ́ fún wa, àdéhùn, BOQ (ìwé tó to iṣẹ́ àti ohun èlò pẹ̀lú iye owó wọn), sàtífíkéètì gbogbo owó tí a ti gbà, àti èyí tí ẹnjiníà wọn fi jẹ́rìí pé iṣẹ́ parí. Ti ìkẹyìn yìí ni egungun ẹjọ́ náà. Ẹnjiníà kì í yá láti fọwọ́ sí i, nítorí ibẹ̀ ni gbèsè ti ń di gbèsè. Mo jókòó tì í ni. Agbaṣẹ́ṣe tí kò bá ní ìwé yìí, kó wá a kó tó wá lọ́yà.

Ohun tí mo gbádùn jù nínú ọgbọ́n lọ́yà yìí ni pé ó yọ rẹ́tẹ́ńṣàn kúrò nínú ẹjọ́, ìyẹn ìdá márùn-ún nínú ọgọ́rùn-ún tí wọ́n ń dá dúró nítorí àbùkù. Wọ́n ti ń sọ pé ilẹ̀ ọ̀dẹ̀dẹ̀ sán. Bí a bá pa owó méjèèjì pọ̀, ilẹ̀ tó sán ni a ó máa jà lé lórí títí ọdún yóò fi yípo.

A kọ lẹ́tà, wọn ò fèsì. A wá lọ sí ilé ẹjọ́ gíga ní Àkúrẹ́, a gba ọ̀nà kúkúrú tí wọ́n fi ń gba gbèsè tó hàn gbangba: ìwé ìbúra ló ń sọ̀rọ̀, a kì í kó ẹlẹ́rìí jọ. Agbẹjọ́rò wọn ní oṣù mẹ́ta tí òfin fún ẹni tó bá fẹ́ pe òṣìṣẹ́ ìjọba lẹ́jọ́ ti kọjá. Lọ́yà mi fa ẹjọ́ ìjọba Ọ̀ṣun àti ilé iṣẹ́ Dalami yọ, níbi tí Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ ti sọ ní 2007 pé òfin yẹn kò bo ọ̀rọ̀ àdéhùn iṣẹ́. Wọ́n tún mú ilẹ̀ tó sán wá. Adájọ́ béèrè bóyá ẹnjiníà wọn kọ́ ló fọwọ́ sí sàtífíkéètì.

Lẹ́yìn ìyẹn ni wọ́n ní ká jókòó sọ ọ́. Mo gbà kí wọ́n san án lẹ́ẹ̀mejì, mo fi èlé sílẹ̀, a sì ní kí kóòtù sọ àdéhùn náà di ìdájọ́. Ọ̀rẹ́ mi kan ní Òǹdó bú mi nítorí èlé yẹn. Kò mọ̀ pé bí mo tiẹ̀ borí, tí owó bá wà lọ́wọ́ òṣìṣẹ́ ìjọba, apá 84 nínú òfin Sheriffs and Civil Process, ìyẹn òfin bí a ṣe ń gba owó tí kóòtù dá fúnni, ní kí Kọmíṣọ́nnà Ètò Ìdájọ́ kọ́kọ́ yọ̀ǹda kí a tó lè gbẹ́sẹ̀ lé e. Èmi kò lágbára àtilọ máa bẹ ẹni tí mo pè lẹ́jọ́.

Owó méjèèjì ti wọlé, onírin ti gba tirẹ̀. Rẹ́tẹ́ńṣàn ló kù. Mo ti rán bíríkìlà lọ dí ibi tó sán, ẹnjiníà sì ti wá wò ó. N kò jẹ́ kó wọ ọkọ̀ títí ó fi buwọ́ lùwé.