Kámù sẹ́ńsọ̀: ẹ má tíì pààrọ̀ ẹ̀ o, àwọn àṣìṣe tí mò ń rí lójoojúmọ́ rèé

Alhaja kan tó ń ta léèsì ní Balógun gbé mọ́tò wọn wá sí ṣọ́ọ̀bù wa ní Ṣómólú, Camry 2007 tí gbogbo Èkó ń pè ní Muscle, wọn ò tíì dáhùn "ẹ káàárọ̀ mà" tí mo kí wọn tán tí wọ́n fi ṣí píjìn-hóòlù, wọ́n kó kámù sẹ́ńsọ̀ mẹ́ta jáde, wọ́n tò ó sórí bọ́nẹ́ẹ̀tì bí ẹni pàtẹ ata. "Réwáyà, wò ó, mẹ́ta tí wọ́n ti tú sílẹ̀ rèé láàárín oṣù méjì, ìkẹrin ló wà lára ẹ̀ báyìí, mọ́tò yìí ṣì ń kú mọ́ mi lọ́wọ́ lórí Third Mainland." Gbogbo ibi tí wọ́n gbé e dé ni wọ́n ti scan ẹ̀, kọ́ọ̀dù P0340 ló ń jáde, ẹni tó scan ẹ̀ á ní kámù sẹ́ńsọ̀ ni, wọ́n á lọ ra òmíràn ní Ládípọ̀, ọjà páàtì mọ́tò, iná check engine á kú, á lọ fún ọjọ́ mẹ́rin, ó ti tún dé.

Mo máa padà sọ́dọ̀ Alhaja. Ẹ jẹ́ n kọ́kọ́ sọ ohun tí nǹkan yìí ń ṣe, torí ẹni tí ò bá mọ iṣẹ́ ẹ̀ á kàn máa pààrọ̀ ẹ̀ ni.

Kámù sẹ́ńsọ̀ ò ju ọmọ tí wọ́n rán níṣẹ́ lọ. Ó dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ kámù, ọ̀pá irin tó ń ṣí ẹnu ẹ́ńjìnnì fún atẹ́gùn àti èéfín, lórí ẹ́ńjìnnì lọ́hùn-ún, ó ń ka eyín irin tó wà lára kámù bó ṣe ń yí, ó ń lọ jẹ́ iṣẹ́ fún bíréènì, ìyẹn kọ̀ǹpútà mọ́tò. Kíránkì, ọ̀pá tí písítìn ń yí, náà ní sẹ́ńsọ̀ tiẹ̀ nísàlẹ̀, àmọ́ ẹ̀ẹ̀mejì ni kíránkì ń yí kí kámù tó yí ẹ̀ẹ̀kan, torí náà kíránkì lè sọ pé písítìn ti gòkè o, kò lè sọ bóyá epo àti atẹ́gùn ló ń fún pọ̀ ni àbí èéfín ló ń tì jáde. Kámù ló mọ ìyẹn. Ìdí nìyẹn tó fi jẹ́ pé ọ̀pọ̀ mọ́tò ṣì máa ń kick tí kámù sẹ́ńsọ̀ bá kú pátápátá, ó kàn máa pẹ́ kó tó dáhùn ni, ẹ máa yí kọ́kọ́rọ́, á máa ṣe wúú wúú wúú, bíréènì ń méfò pé sílíńdà wo ló kàn báyìí. Àwọn mọ́tò kan ò ní dáhùn rárá. Àwọn mìíràn á dáhùn àmọ́ wọn ò ní lágbára, ẹ tẹ tòròtù, ó ń fà bí ẹni tó ń gun òkè, epo sì ń lọ.

Àṣìṣe tó tóbi jù nìyí: kí wọ́n ka P0340 kí wọ́n ní "sẹ́ńsọ̀ ti bàjẹ́". P0340 ò sọ bẹ́ẹ̀. Ohun tó sọ ni pé bíréènì ò rí iṣẹ́ gbà láti ojú ọ̀nà yẹn. Ó lè jẹ́ ọmọ tí wọ́n rán ló kú lóòótọ́, ó lè jẹ́ ọ̀nà ló já, ó lè jẹ́ pé ẹnu ọ̀nà ni wọ́n ti dì í mú, ìyẹn sọ́kẹ́ẹ̀tì. Tẹ́ ẹ bá rí P0342 tàbí P0343, ọ̀rọ̀ fóòtù ni, ìyẹn agbára iná, ọ̀kan ní ó ti lọ sílẹ̀ jù, ìkejì ní ó ga jù, wáyà ni kẹ́ ẹ kọ́kọ́ wò. P0341 yàtọ̀ sí gbogbo wọn, iṣẹ́ ń dé o, àmọ́ ọ̀rọ̀ inú ẹ̀ ò bára mu. P0016 ní kámù àti kíránkì ò gbọ́ra wọn yé mọ́. Àwọn méjì tó kẹ́yìn yìí, tí mọ́tò bá ti pẹ́, ṣéènì táímínì, èyí tó so kámù mọ́ kíránkì, ni ọkàn mi máa ń kọ́kọ́ lọ sí, ó ti fà, tàbí ẹni tó tú ẹ́ńjìnnì gbẹ̀yìn fo eyín kan. Ẹ lè pààrọ̀ sẹ́ńsọ̀ mẹ́wàá sí i, ṣéènì tó fà ò ní torí ẹ̀ súnkì.

Èkejì, kí wọ́n máa fi kámù pe kíránkì. P0335 ni ti kíránkì, tí ìyẹn bá kú, ọ̀pọ̀ mọ́tò ò ní dáhùn rárá. Mo ti rí ẹni tó pààrọ̀ tòkè nígbà tó jẹ́ pé tìsàlẹ̀ ló ń ké. Ti V6, oní sílíńdà mẹ́fà tó pín sí ìlà méjì tí wọ́n ń pè ní bank, wá burú jù. Ẹ́ńjìnnì 3.5 tó wà nínú Sienna, Highlander àti Camry V6, mẹ́rin ni irú sẹ́ńsọ̀ yìí lórí ẹ̀, méjì lápá iwájú, méjì lápá ẹ̀yìn. P0340 jẹ́ ti bank 1, P0345 jẹ́ ti bank 2, bank 1 yẹn sì ni èyí tó fẹ̀yìn ti ọ̀dọ̀ dáṣíbọ́ọ̀dù, ibi tí ọwọ́ ò dé, tó máa ń gé èèyàn lápá. Kí ni mẹkáníìkì ọ̀lẹ á ṣe? Á tú ti iwájú tó rọrùn, á pààrọ̀ ìyẹn, á pa kọ́ọ̀dù rẹ́, á gbowó. Mi ò bú ẹnikẹ́ni o, èmi náà ti wo ẹ̀yìn ẹ́ńjìnnì yẹn rí tó jẹ́ pé ó ṣe mí bíi kí n ṣe bẹ́ẹ̀.

Ọ̀rọ̀ Ládípọ̀ nìyí. Kì í ṣe gbogbo ohun tó wà nínú páálí tó ń dán ló dáa, kì í sì í ṣe gbogbo tókúnbọ̀ ni kò dáa. Sẹ́ńsọ̀ tí wọ́n tú lára mọ́tò tó ní àkọlù, tó jẹ́ ojúlówó, máa ń pẹ́ ju tuntun tí ẹnì kan tẹ orúkọ Denso, ilé iṣẹ́ tó ń ṣe páàtì fún Toyota, mọ́ lára ní kọ̀rọ̀ kan lọ. Ẹ mú ti tẹ́lẹ̀ dání, ẹ fi nọ́ńbà ara ẹ̀ wé nọ́ńbà, ti Toyota irú eléyìí, 90919 ló fi ń bẹ̀rẹ̀, kó má jẹ́ pé wọ́n kàn jọra lójú ni. Kẹ́ ẹ sì mú mítà lọ. Tí ẹni tó ń tajà bá ń bínú pé ẹ fẹ́ fi mítà wò ó, ẹ kí i dáadáa kẹ́ ẹ kọjá sí ṣọ́ọ̀bù kejì.

Bá a ṣe ń wò ó rèé. Tó bá jẹ́ oní wáyà méjì bíi ti Camry 2.4 yẹn, ẹ yọ sọ́kẹ́ẹ̀tì, ẹ yí mítà sí ohm, ẹ fi ẹnu mítà kan irin méjèèjì inú ẹ̀. Tí ẹ́ńjìnnì bá tutù, 835 sí 1,400 ohm ló yẹ kẹ́ ẹ rí. Tó bá ń sọ fún yín pé kò sí nǹkan kan, ó ti já nínú nìyẹn. Tó bá jẹ́ oní wáyà mẹ́ta, ẹ má fi ohm wò ó, kò ní sọ òótọ́ fún yín, ṣe lẹ máa wò ó bóyá iná ń dé ọ̀dọ̀ ẹ̀, 5 fóòtù lára mọ́tò kan, 12 lára òmíràn, kẹ́ ẹ wo earth, ìyẹn wáyà tó ń dá iná padà sára mọ́tò, kẹ́ ẹ wá wo wáyà kẹta bóyá ó ń lọ ó ń bọ̀ nígbà tí ẹnì kan bá ń kick. Kẹ́ ẹ sì wò ó nígbà tó bá gbóná o! Ibẹ̀ lọ̀pọ̀ èèyàn ti ń ṣìnà. Mọ́tò á kú nínú gósìlóò Òjúẹlẹ́gbà lọ́sàn-án gangan, wọ́n á tì í sẹ́gbẹ̀ẹ́, kí mẹkáníìkì tó dé ó ti tutù, ó kick lẹ́ẹ̀kan, gbogbo ayé á ní kò ṣe nǹkan kan. Irú ẹ̀, mo máa ń jẹ́ kó ṣiṣẹ́ fún ogójì ìṣẹ́jú pẹ̀lú AC kí n tó fọwọ́ kàn án.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má fa iná 12 fóòtù láti orí bátìrì wá sínú wáyà sẹ́ńsọ̀ pé ẹ fẹ́ mọ̀ bóyá ó wà láyé. Ẹ má sì fi gílóòbù tá a fi ń wo iná ẹ̀yìn mọ́tò wò ó, gílóòbù yẹn ń mu iná ju ohun tí ojú ọ̀nà yẹn lè gbé lọ. Bíréènì lẹ máa sun, ẹ sì mọ iye tí wọ́n ń ta bíréènì.

Bátìrì tó ti rẹ̀ náà máa ń parọ́ mọ́ sẹ́ńsọ̀. Tẹ́ ẹ bá ń kick tí mítà já wá sísàlẹ̀ 9.6 fóòtù, ẹ lọ bójú tó bátìrì àti orí ẹ̀ ná, bíréènì tí ebi ń pa lè sọ ohunkóhun.

Àwọn tó ń fọ ẹ́ńjìnnì ńkọ́. Ẹ wá sí car wash, ẹ ní kí wọ́n "fọ abẹ́ bọ́nẹ́ẹ̀tì kó mọ́", ọmọ yẹn á gbé ẹ̀rọ omi tó le bí ọ̀kọ̀ yẹn, á nà án sí gbogbo sọ́kẹ́ẹ̀tì, lọ́jọ́ kejì mọ́tò ń wúkọ́. Omi ti wọlé nìyẹn, irin inú ẹ̀ á máa yọ àwọ̀ ewé díẹ̀díẹ̀. Aṣọ tútù ni kẹ́ ẹ fi nù ún. Ọ́ìlì náà ńkọ́, tí gáskẹ́ẹ̀tì tápẹ́ẹ̀tì kọ́fà, ìyẹn ìdérí orí ẹ́ńjìnnì, bá ń jò, ó lè máa kán sórí sọ́kẹ́ẹ̀tì yẹn, tẹ́ ẹ bá pààrọ̀ sẹ́ńsọ̀ láì dí ibi tó ń jò, ẹ kàn wẹ ọmọ tó jókòó sínú ẹrọ̀fọ̀ ni.

Ní ti títú u, bóòtì kan péré ló dì í mú lára Toyota, sípánà ten. Ẹ jẹ́ kí ẹ́ńjìnnì tutù, ẹ yí i sọ́tùn-ún sósì pẹ̀lú ọwọ́ kó tó jáde, ẹ má fi sùkùdíráfà họ ọ́, orí ẹ̀ máa ń ṣẹ́ sínú ihò, ìgbà yẹn ni wàhálà gidi bẹ̀rẹ̀. Ẹ wo ẹnu ẹ̀ bóyá ìyẹ̀fun irin lẹ̀ mọ́ ọn, oní wáyà méjì ní máńgínẹ́ẹ̀tì nínú, ó ń fa irin mọ́ra. Ẹ fi ọ́ìlì díẹ̀ ra róbà tuntun kẹ́ ẹ tó tì í wọlé. Bóòtì yẹn kéré, ẹ má fún un bí ẹni ń fún táyà.

Ìkéje rèé àbí ìkẹjọ, mi ò kà mọ́: kí wọ́n pa kọ́ọ̀dù rẹ́ kí wọ́n ní ó ti tán. Ẹnikẹ́ni ló lè pa iná check engine. Ẹ gbé e jáde, kó gbóná, kó wọ gósìlóò, kẹ́ ẹ tún scan ẹ̀ nígbà tẹ́ ẹ bá padà dé.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ sì ń wà á bẹ́ẹ̀ pé "á gbé mi délé", ẹ gbọ́ o. Tí ẹ́ńjìnnì bá kú lórí Third Mainland nígbà tẹ́ ẹ ń sáré, ìdarí, ìyẹn sítíárìn, á wúwo lójijì, búrèkì á ṣẹ́ kù fún títẹ̀ kan tàbí méjì kó tó le bí òkúta, torí ẹ́ńjìnnì ló ń ràn án lọ́wọ́. Ẹ má máa tẹ búrèkì léraléra. Ẹ tan hazard, ẹ fi agbára di ìdarí mú, ẹ jẹ́ kó yí lọ sẹ́gbẹ̀ẹ́, kẹ́ ẹ tẹ búrèkì lẹ́ẹ̀kan kó dúró.

Alhaja wá jókòó sórí bẹ́ǹṣì, mo fi mítà wo sẹ́ńsọ̀ mẹ́ta tó wà lórí bọ́nẹ́ẹ̀tì. Èyí tó bá mọ́tò wá láti òkèèrè ka 1,020. Ìkejì dáa. Ìkẹta ló ti já nínú, ìyẹn náà ló sì wà nínú páálí tó dáa jù. Mo ní kí ọmọ iṣẹ́ mi kick ẹ̀, mo di wáyà tó lọ sọ́dọ̀ kámù mú, mo ń mì í díẹ̀díẹ̀ láti ẹnu sọ́kẹ́ẹ̀tì lọ sẹ́yìn. Bí ọwọ́ mi ṣe dé ibi tí wáyà ti kọjá lẹ́gbẹ̀ẹ́ fáànù, ẹ́ńjìnnì wúkọ́, ó kú. A tún kick ẹ̀, mo tún mì í, ó tún kú.

Téèpù dúdú ló wà níbẹ̀. Tí mo ti rí i ni ara mi ti sọ fún mi. Mo máa ń kọ́ àwọn ọmọ iṣẹ́ mi pé tí wọ́n bá lọ́ téèpù tán, kí wọ́n ṣẹ́ orí ẹ̀ po kó yọ bí etí, kó lè rọrùn fún ẹni tó máa tú u lọ́la. Etí yẹn wà níbẹ̀. Mo fà á, téèpù ṣí, wáyà méjì tí wọ́n kàn fọwọ́ lọ́ mọ́ra wọn ló jáde, kò sí léèdì, ọ̀kan ti dúdú, ìkejì ń mì bí eyín ọmọ ọdún mẹ́fà.

Alhaja ní ta ló ṣe irú iṣẹ́ yìí. Ọmọ iṣẹ́ mi ti ń wo ilẹ̀.

"Àwa náà ni, Alhaja. Lọ́dún tó kọjá, ọjọ́ tí fáànù yín jóná tí wáyà ẹ̀ sì jó àwọn tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀. Ẹ ń kánjú lọ síbi ìnáwó."

Wọ́n wò mí títí. Mo gé ibi tó ti jó kúrò, mo fi wáyà tó tóbi bíi ti tẹ́lẹ̀ so ó, mo fi léèdì jó o, mo wọ róbà tó ń súnkì sí i lára, mo tún ọ̀nà ẹ̀ gbà kúrò lẹ́gbẹ̀ẹ́ fáànù. Mo tú èyí tó wà lára ẹ̀, mo dá ti ìbẹ̀rẹ̀ padà síbẹ̀. A gbé e dé Adéníji, a padà, kò sí nǹkan kan. Mi ò gbowó, ojú tì mí.

Alhaja kó mẹ́ta tó kù padà sínú píjìn-hóòlù. Wọ́n ní àwọn á wá ẹni tó máa rà á lọ́wọ́ àwọn, mo ní kí wọ́n kọ́kọ́ yọ oní-páálí yẹn kúrò nínú ẹ̀.