Ẹ má já ọ̀rọ̀ gbà mọ́ ìlù lẹ́nu: àṣìṣe tó wọ́pọ̀ tí a bá ń ya fíìmù ọdún ìbílẹ̀ n'Ílé-Ifẹ̀

Bí ọdún Ọlọ́jọ́ bá ti kù sí dẹ̀dẹ̀, àwọn oníkámẹ́rà máa ń ya wọ Ifẹ̀. Ó dára bẹ́ẹ̀. Àmọ́ ohun tí ọ̀pọ̀ wọn ń gbé lọ sílé kì í tó nǹkan.

Àṣìṣe tó dùn mí jù ni kí wọ́n máa pa kámẹ́rà nígbà tí dùndún ṣì ń sọ̀rọ̀. Oríkì ni ìlù ń kì, òwe ló ń pa, gbólóhùn rẹ̀ sì ní ìbẹ̀rẹ̀ àti òpin. Oníkámẹ́rà á yà á fún ìṣẹ́jú àáyá mẹ́jọ, á pa á, á sáré lọ bá oníjó. Nígbà tó bá jókòó ti kọ̀ǹpútà, orúkọ ẹni tí wọ́n ń kì ti já sí méjì, kò sì rí ìyókù mọ́. Ẹ jẹ́ kí kámẹ́rà máa yà á lọ títí onílù á fi sinmi. Ẹ lè yí ojú kámẹ́rà síbi tó wù yín, ohùn ni kò gbọ́dọ̀ já. Nítorí náà, ẹ ní ẹ̀rọ agbohùnsílẹ̀ kan lọ́tọ̀. Ẹ rẹ ìwọ̀n ohùn sílẹ̀ kí ìlù tó bẹ̀rẹ̀, kí ibi tó ga jù má kọjá nǹkan bíi -12 dB (dB ni ìwọ̀n tí ẹ̀rọ fi ń wọn bí ohùn ṣe ga tó). Lórí ọ̀pọ̀ ẹ̀rọ, ohùn tó bá kọjá 0 ti fọ́ nìyẹn. Lọ́jọ́ náà gan-an, ẹ bẹ onílù kó fi ẹnu ara rẹ̀ sọ ohun tí ìlù wí, kẹ́ ẹ sì gbà á sílẹ̀.

Ẹ má fi ìmọ́lẹ̀ sílẹ̀ fún kámẹ́rà láti yàn fúnra rẹ̀. Lọ́dún Ìtapá, ìyẹn ọdún Ọbàtálá, funfun ni àwọn ọmọ Ọbàtálá ń wọ̀. Bí kámẹ́rà bá rí aṣọ àlà, á dín ìmọ́lẹ̀ kù, ojú èèyàn á sì ṣú dùdù. Ojú ni kẹ́ ẹ fi wọn ìmọ́lẹ̀. Nínú ilé, 50 Hz ni iná tiwa, ìyẹn ni pé ó ń yí nígbà àádọ́ta ní ìṣẹ́jú àáyá kan: ẹ lo férémù (àwòrán) 25 ní ìṣẹ́jú àáyá kan, kí ṣọ́tà tó ń ṣí ojú kámẹ́rà sì wà ní 1/50 ìṣẹ́jú àáyá, bí bẹ́ẹ̀ kọ́ gílóòbù á máa ṣẹ́jú nínú àwòrán.

Nígbà ọdún Ọlọ́jọ́, lọ́jọ́ tí Ọọ̀ni bá dé Adé Àrè lọ sí Òkè Mògún, ojúbọ Ògún, adé yẹn ni gbogbo kámẹ́rà ń kọjú sí. N kò ní kẹ́ ẹ má yà á, ẹ̀ẹ̀kan lọ́dún ni wọ́n ń dé e. Ṣùgbọ́n ta ló ń ya ìyá àgbà tó kúnlẹ̀ lẹ́bàá ọ̀nà, tó tẹ́wọ́ méjèèjì, tí ètè rẹ̀ ń mì, tó ń tọrọ ọmọ fún ọmọ rẹ̀? Èmi rí i pé ibẹ̀ ni ọdún náà wà.

Bí àwòrò bá ní ibi kan kò ṣeé yà, ẹ gbé kámẹ́rà sílẹ̀. Ẹ má fi pamọ́ sábẹ́ agbádá yà á, kódà bí ẹnikẹ́ni kò bá rí yín.

Kẹ́ ẹ tó sùn, ẹ da iṣẹ́ náà sórí háàdì díìsìkì méjì. Ẹ má pa ohun tó wà lórí káàdì rẹ́ títí ẹ ó fi ṣí fáìlì kọ̀ọ̀kan wò, tẹ́ ẹ sì gbọ́ ohùn rẹ̀.